Ọjọ́ Ta Ni Lónìí ní Middle-earth?

Ẹ bi ìyá tó ń ta iṣu lọ́jà oko pé ìgbà wo ló tún ń padà wá pàtẹ. Kò ní wo fóònù, bẹ́ẹ̀ ni kò ní wo kàlẹ́ńdà tí wọ́n fún un ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ìka ọwọ́ rẹ̀ ni yóò kà. Òní oókan, ọ̀la eéjì, títí yóò fi kan aárùn-ún, yóò wá ní, "Ọrún òní ni." Òní wà nínú kíkà náà, ìdí nìyẹn tí ìrìn ọjọ́ mẹ́rin fi ń jẹ́ ọrún lẹ́nu wa, tí ìrìn ọjọ́ mẹ́rìndínlógún sì ń jẹ́ ìtàdógún, èyí tí àwọn aláṣọ òkè fi ń ná ọjà Ọjẹ́ n'Ìbàdàn.

Ọjọ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló sì ní ẹni tó ni ín. Ọjọ́ Awo wà, Ọjọ́ Ògún wà, Ọjọ́ Jàkúta wà, Ọbàtálá náà ní tirẹ̀. Ìyá oníṣu wa lè wà lẹ́gbẹ́ àwọn ìyá ìjọ, ó sì lè jẹ́ Àlàájà tó ti lọ Mẹ́kà tó bọ̀. Ó lè má dé ojúbọ Ògún kankan rí. Síbẹ̀, lórí bí àwọn òrìṣà ṣe pín ọjọ́ láàárín ara wọn ló ti ń mọ ìgbà tí yóò wa iṣu. Ẹ fi èyí sọ́kàn, ẹ̀yin aládùúgbò mi, torí òun ni mo fẹ́ fi ṣe òṣùwọ̀n nǹkan àjèjì tí mo gbé wá fún yín.

Ayé kan tí kò sí ni nǹkan àjèjì náà. Middle-earth lorúkọ rẹ̀, J. R. R. Tolkien ló sì fi orí ara rẹ̀ dá a. Bloemfontein ní Gúúsù Áfíríkà ni wọ́n ti bí i ní 1892, àmọ́ Ìlú Ọba ló dàgbà sí. Ọ̀jọ̀gbọ́n ni ní Oxford láti 1925 títí di 1959, èdè Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ sì ni iṣẹ́ rẹ̀. Ìwé rẹ̀ tó lókìkí jù, The Lord of the Rings, jáde ní apá mẹ́ta láàárín 1954 sí 1955. Ẹni tó bá wo fíìmù rẹ̀ yóò rántí òrùka, ogun, àti arúgbó onírùngbọ̀n funfun tó ń gun ẹṣin. Fíìmù ò lè gbé ohun tí mo ń sọ yìí. Ẹ̀yìn ìwé kẹta ló wà, lẹ́yìn tí ogun ti parí, nínú àwọn àfikún. Àfikún D, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kàlẹ́ńdà nìkan ló dá lé.

Ọ̀pọ̀ èèyàn ló máa ń ṣí i kọjá. Mi ò bá wọn jà, nítorí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ lójú ogun kì í wá iye ọjọ́ tó wà nínú oṣù. Àmọ́ ẹ wo ohun ìyanu kan nínú ìwé yìí. Kò sí ṣọ́ọ̀ṣì níbẹ̀, kò sí mọ́ṣáláṣí, kò sí ojúbọ tí ẹnikẹ́ni lára àwọn tí à ń bá rìn nínú ìtàn náà ti kúnlẹ̀. Bẹ́ẹ̀, ọmọ ìjọ Kátólíìkì paraku ni Tolkien. Níbo ló wá gbé ìsìn ayé rẹ̀ sí? Lójú tèmi, inú kàlẹ́ńdà ló tọ́jú rẹ̀ sí.

Àwọn Elf la ó ti bẹ̀rẹ̀, torí àwọn ló kọ́kọ́ ka ọjọ́. Ẹ̀dá tí kì í darúgbó ni wọ́n, tí àìsàn kì í pa. Ọdún tiwọn gan-an ni wọ́n ń pè ní yén, ọdún 144 tiwa ló sì wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n nítorí ìsìn, wọ́n ní ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́fà, ọjọ́ kọ̀ọ̀kan ló sì ní ẹni tó ni ín. Elenya jẹ́ ti àwọn ìràwọ̀, Anarya ti oòrùn, Isilya ti òṣùpá. Aldúya jẹ́ ti Igi Méjì, ọ̀kan bíi fàdákà, èkejì bíi wúrà, tí wọ́n ń tan ìmọ́lẹ̀ kí oòrùn àti òṣùpá tó wà. Menelya jẹ́ ti ojú sánmà. Èyí tó kẹ́yìn, Valanya, tó ga ju gbogbo wọn lọ, jẹ́ ti àwọn Valar. Eru nìkan ni ẹlẹ́dàá nínú ayé yìí, àwọn Valar sì ni ẹ̀mí ńláńlá tó wọ ayé láti tún un ṣe lórúkọ rẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ mọ bí Olódùmarè ṣe rán àwọn irúnmọlẹ̀ wá sílé ayé, ẹ ò nílò kí n máa ṣàlàyé títí ilẹ̀ yóò fi ṣú.

Bí ọjà ọrún kì í ti í bi oṣù léèrè pé ó ti parí tàbí kò tíì parí, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀sẹ̀ àwọn Elf kì í dúró de ọdún. Tolkien ṣírò rẹ̀ dé góńgó: yén kan jẹ́ ọjọ́ 52,596, ọ̀sẹ̀ 8,766 ló sì wà nínú rẹ̀ gééré, kò lé, kò dín. Ọ̀sẹ̀ ń tẹ̀ lé ọ̀sẹ̀ láì sí àlàfo. Ẹ mú ọ̀rọ̀ àìsí àlàfo yìí dání, a ó tún nílò rẹ̀ níwájú.

Lẹ́yìn àwọn Elf ni àwọn èèyàn Númenor. Èèyàn bíi tiwa ni wọ́n, tí wọ́n ń gbé ní erékùṣù ńlá kan láàárín òkun. Lọ́dọ̀ àwọn Elf ni wọ́n ti gba ọ̀sẹ̀, wọ́n sì tún un ṣe lọ́nà méjì tí inú mi ń dùn sí. Èkíní, atukọ̀ ni wọ́n. Òkun ló ń bọ́ wọn, òkun ló sọ wọ́n di ọlọ́lá, òkun kò sì ní ọjọ́. Wọ́n fi ọjọ́ keje kún un, Eärenya, wọ́n fi í fún òkun. Ta ni nínú wa tí èyí yóò yà lẹ́nu? Ìlú etí omi wo ni kò ní ọjọ́ fún omi? Èkejì, ọjọ́ Igi Méjì di ti igi kan ṣoṣo, nítorí pé igi funfun kan tí wọ́n ń pè ní Nimloth wà ní àgbàlá ọba wọn, wọ́n sì gbà pé ìran Igi Funfun ti àtijọ́ ni. Igi tí wọn kò rí rí kúrò nínú kíkà, igi tí wọ́n ń gba abẹ́ rẹ̀ kọjá lójoojúmọ́ ló jókòó síbẹ̀. Ẹni tó bá ti jókòó lábẹ́ odán iwájú ààfin rí mọ bí igi ṣe ń di ti gbogbo ìlú.

Wọ́n tún ní àjọ̀dún mẹ́ta lọ́dún, àpèjúwe rẹ̀ sì wà nínú ìwé kan tí ọmọ Tolkien, Christopher, tẹ̀ jáde ní 1980, ọdún méje lẹ́yìn ikú bàbá rẹ̀. Erukyermë ni àdúrà ìbẹ̀rẹ̀ ìgbà ìrúwé, Erulaitalë ni ìyìn àárín ìgbà ooru, Eruhantalë sì ni ọpẹ́ ìparí ìgbà ìwọ́wé. Àárín erékùṣù náà ni òkè Meneltarma wà, orí rẹ̀ tẹ́jú, ó sì lè gba ogunlọ́gọ̀ èèyàn. Ẹnikẹ́ni kò kọ́ ilé síbẹ̀ rí, kò sí pẹpẹ, kódà kò sí òkúta tí wọ́n kó jọ. Irinṣẹ́ kì í débẹ̀, ohun ìjà kì í débẹ̀. Lọ́jọ́ àjọ̀dún, ọba yóò fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ gun òkè náà nínú aṣọ funfun, òdòdó lọ́rùn, gbogbo ìlú yóò tẹ̀ lé e nínú funfun. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ lórí òkè náà àfi ọba, òun náà sì rèé, ẹ̀ẹ̀mẹta lọ́dún péré ni. Ẹyẹ idì mẹ́ta yóò máa rà bàbà lókè.

Aṣọ funfun yẹn, àwọn olóòṣà Ọbàtálá á ní àwọn mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n ọdún tí kò ní ìlù? Tí kò sí agogo, tí ẹnì kan ò gbọdọ̀ ki ọba? Èmi ò rí bí a ó ṣe ṣe irú rẹ̀ lọ́dọ̀ tiwa láìjẹ́ pé a kọ́kọ́ ti gbogbo àyàn mọ́lé.

Ìṣubú Númenor bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú kàlẹ́ńdà. Wọ́n kọ́kọ́ dẹwọ́ lórí àkọ́so oko tí wọ́n máa ń fún Eru. Ẹsẹ̀ wá ń dín lórí òkè. Níkẹyìn, ọba tó kẹ́yìn gbọ́rọ̀ sí Sauron lẹ́nu, ẹ̀mí ibi tó rọ òrùka inú fíìmù yẹn, ó fi òfin ikú de òkè náà, wọ́n sì kọ́ tẹ́ńpìlì kan sínú ìlú tí wọ́n ti ń fi èèyàn rúbọ. Òkun tí wọ́n fún ní ọjọ́ ló gbé erékùṣù náà mì. Elendil àtàwọn olóòótọ́ díẹ̀ bọ́ nínú ọkọ̀ mẹ́sàn-án, wọ́n sì gbé kíkà ọjọ́ wọn dé Middle-earth. Ibẹ̀ ni àwọn Hobbit ti rí i gbà.

Ọ̀dọ̀ wọn gan-an ni mo ń bọ̀. Èèyàn kúkúrú ni Hobbit, àgbẹ̀ ni wọ́n, oúnjẹ ni wọ́n mọ̀, wọn kì í sì í da ara wọn láàmú nípa ẹni tó dá ayé. Ọjọ́ méje Númenor wà lọ́wọ́ wọn pẹ̀lú orúkọ rẹ̀: ti ìràwọ̀, ti oòrùn, ti òṣùpá, ti igi, ti sánmà, ti òkun. Ọjọ́ àwọn Valar ni wọ́n ń pè ní Highday, òun náà ló ṣì ga jù. Kí ni wọ́n ń fi ṣe? Bí ọ̀sán bá ti pọ́n, wọ́n á ti ìsọ̀, wọ́n á simi, tó bá di alẹ́, wọ́n á jẹun yó bámúbámú. Ọjọ́ àwọn irúnmọlẹ̀ ti di ọjọ́ òde àríyá. Ẹ má rẹ́rìn-ín wọn o, ìyá oníṣu wa ń gbọ́.

Ọgbọ́n ìṣirò wọn ni kí ẹ wá wò. Ẹ mú kọ́ńgò tí wọ́n fi ń wọn gàrí. Kọ́ńgò oṣù tiwa kò dọ́gba: ọgbọ̀n nínú èyí, mọ́kànlélọ́gbọ̀n nínú tọ̀hún, Fẹ́búárì sì dà bí èyí tí wọ́n ti lù nídìí kó má baà gba púpọ̀. Kọ́ńgò Hobbit jẹ́ méjìlá, ọgbọ̀n ọjọ́ gééré ló wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ìyẹn jẹ́ 360. Ọjọ́ márùn-ún tó kù ńkọ́? Èènì ni. Wọn ò dà á sínú kọ́ńgò kankan, wọ́n bù ú sórí. Méjì bọ́ sí àárín ọdún tó ń parí àti èyí tó ń wọlé, Yule ni wọ́n ń pè é. Mẹ́ta bọ́ sí àárín ọdún, Lithe ni wọ́n ń pè é, ìgbà náà sì ni ọjà ńlá White Downs máa ń wáyé, níbi tí wọ́n ti ń yan olórí ìlú ní ọdún méje-méje. Lọ́dún tí ọjọ́ kan bá lé, èènì Lithe á di mẹ́rin, àríyá á sì pọ̀ sí i.

Wàyí o, ọjọ́ 365 pín sí ọ̀sẹ̀ méjìléláàádọ́ta, ó ṣẹ́ku ọ̀kan. Ọ̀kan yìí ló ń ba tiwa jẹ́, tí ọjọ́ ìbí yín fi ń bọ́ sí Ajé lọ́dún yìí tó sì ń bọ́ sí Ìṣẹ́gun lọ́dún tó ń bọ̀. Àwọn Hobbit ní kí ọjọ́ tó wà ní ìdajì ọdún gan-an má ṣe jẹ́ Ajé, kó má jẹ́ Ìṣẹ́gun, kó má wọnú ọ̀sẹ̀ kankan rárá. Ọjọ́ tó lé lẹ́ẹ̀kan lọ́dún mẹ́rin, wọ́n ṣe é bákan náà. Láti ìgbà náà, gbogbo ọdún ń bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kìn-ín-ní ọ̀sẹ̀ wọn, tó ṣe wẹ́kú pẹ̀lú Àbámẹ́ta wa, ó sì ń parí ní Highday, tó ṣe wẹ́kú pẹ̀lú Ẹtì. Kàlẹ́ńdà kan ṣoṣo tó ọmọ aráyé lò títí ikú. Ká ní Hobbit la jẹ́ ni, àwọn atẹ̀wé ní Ṣómólú ì bá ti wá iṣẹ́ mìíràn ṣe.

Ẹ jẹ́ ká jọ kà á. Èènì Yule ló gba Àbámẹ́ta, nítorí náà ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù kìn-ín-ní bọ́ sí Àìkú. Ọgbọ̀n ọjọ́ jẹ́ ọ̀sẹ̀ mẹ́rin àti ọjọ́ méjì, torí náà oṣù tó tẹ̀ lé e á fo ọjọ́ kan: oṣù kejì, Ìṣẹ́gun, ìkẹta, Ọjọ́bọ̀, ìkẹrin, Àbámẹ́ta, ìkarùn-ún, Ajé, ìkẹfà, Ọjọ́rú. Ó wá kan Ẹtì, àmọ́ èènì Lithe ti jókòó síbẹ̀. Lẹ́yìn Lithe, oṣù keje tún bẹ̀rẹ̀ ní Àìkú, ìrìn náà sì tún tẹ̀ lé ojú ọ̀nà kan náà. Kò sí oṣù kankan tó lè bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ Ẹtì láéláé. Àwọn Hobbit mọ̀ bẹ́ẹ̀, wọ́n sì fi ṣe àwàdà. Bí ẹnì kan ò bá ní í san gbèsè láéláé, ọjọ́ Ẹtì tó jẹ́ ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù ni yóò san án. Wọ́n fi í sí ẹgbẹ́ ẹlẹ́dẹ̀ tó ń fò àti igi tó ń rìn. Ní Middle-earth, igi a máa rìn o. Àwọn Hobbit ni kò tíì rí i.

Ẹ wá rántí àìsí àlàfo tí mo ní kí ẹ mú dání. Bí àrà Hobbit yìí bá dára tó bẹ́ẹ̀, kí ló dé tí a ò fi lò ó? Wọ́n ti gbìyànjú rẹ̀ láyé tiwa. Ní 1930, Elisabeth Achelis dá World Calendar Association sílẹ̀ ní New York, ohun tó sì gbé wá fẹ́rẹ̀ẹ́ jọ ti Hobbit: ọjọ́ kan níparí ọdún tí kò sí nínú ọ̀sẹ̀, kí ọjọ́ inú oṣù lè dúró lójú kan. Ọ̀rọ̀ náà dé Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé. Ní 1955, ìjọba Amẹ́ríkà ní àwọn ò sí níbẹ̀, torí pé àwọn ẹlẹ́sìn yóò fárígá, ọ̀rọ̀ náà sì kú síbẹ̀.

Ọjà ló máa jẹ́ kí èyí yé wa. Ẹ fojú inú wo ìlú mẹ́rin tó yí ara wọn ká. Ti èkíní ń ná lónìí, ti èkejì lọ́la, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń gbà á fún ara wọn, kí alátẹ lè yí gbogbo wọn ká, kí ọjà kan má pa èkejì. Kí baálẹ̀ ìlú kan wá jí lówùúrọ̀ kó ní ọjọ́ òní kò sí nínú kíkà, ọ̀la ni kí ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Ọrún tó tẹ̀ lé e, ọjà tirẹ̀ àti ti aládùúgbò rẹ̀ á bọ́ sọ́jọ́ kan náà, wọ́n á forí gbárí. Ojúbọ pàápàá á dàrú: ẹni tó gbé obì lọ fún Ògún á bá Jàkúta nílé. Bó ṣe rí fún Júù tó ń pa Sábáàtì mọ́ nìyẹn, àti fún Mùsùlùmí tó ń kí Jímọ́ọ̀. Bí wọ́n bá yọ ọjọ́ kan kúrò nínú kíkà, ọjọ́ tí Ọlọ́run sọ àti ọjọ́ tí ìjọba sọ kò ní í bára wọn rìn mọ́. Àwọn Elf, tí ìsìn ni wọ́n ń fi ọ̀sẹ̀ ṣe, kò dán irú rẹ̀ wò. Àwọn Hobbit rí i ṣe nítorí pé ẹni tó ni ọjọ́ ti kúrò lọ́kàn wọn, kò sẹ́ni tí yóò bínú. Bóyá Tolkien mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é bẹ́ẹ̀, èmi rò pé ó mọ̀ọ́mọ̀ ni.

Ó ní ibi tó ti kọ́ ọ. Orúkọ oṣù àwọn Hobbit, irú bíi Solmath, Halimath àti Blotmath, kò já bọ́ láti ojú sánmà. Oṣù àwọn Gẹ̀ẹ́sì ni, kí wọ́n tó di onígbàgbọ́. Bede, mọ́ǹkì kan ní Jarrow, ló kọ wọ́n sílẹ̀ ní 725. Ó ní ní oṣù kejì, àwọn baba ńlá òun máa ń fi àkàrà fún òrìṣà wọn, ní oṣù kọkànlá, wọ́n á ya màlúù tí wọ́n fẹ́ pa sọ́tọ̀ fún òrìṣà. Àwa náà jẹ irú oore yìí lọ́wọ́ Samuel Johnson, àlùfáà ìjọ Áńgílíkà ní Ọ̀yọ́, tó kọ àwọn ọjọ́ òrìṣà wa sínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ tó jáde ní 1921. Àwọn Hobbit ò pa màlúù fún ẹnikẹ́ni, oṣù ẹbọ ṣì wà lórí ògiri wọn.

Tolkien fi ìsìn tirẹ̀ náà síbẹ̀, ó rọra fi í síbẹ̀ ni. Ọjọ́ 25 oṣù Disẹ́ńbà ni àwọn tó ń gbé òrùka Sauron lọ pa run jáde ní Rivendell, ibùgbé àwọn Elf. Ọjọ́ 25 oṣù Máàsì ni òrùka jóná, ọjọ́ yẹn ni ọdún tuntun sì ń bẹ̀rẹ̀ ní Gondor, ìjọba àwọn ìran Númenor, láti ìgbà náà. Ọjọ́ kan náà ni ìjọ Kátólíìkì fi ń rántí áńgẹ́lì tó tọ Màríà wá, òun náà sì ni ọdún fi ń bẹ̀rẹ̀ ní Ìlú Ọba títí di 1752. Bí ẹ bá sì fi ìka yín kà á lọ́nà tí a gbà kà lẹ́ẹ̀kan, ẹ ó rí i pé lọ́dọ̀ àwọn Hobbit, ọjọ́ yìí kì í bọ́ sí ọjọ́ mìíràn ju Àìkú lọ.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń kọ ìtàn àròsọ ní Yorùbá, tí ẹ ń dá ìlú tí kò sí lórí àwòrán ilẹ̀, tí ẹ ń fi ọba jẹ, tí ẹ ń fún ọdẹ ní oògùn, iṣẹ́ yín wù mí. Ohun kan ṣoṣo ni mo bẹ̀ yín fún. Kí ẹ tó sọ orúkọ ọba náà fún wa, ẹ sọ iye ọjọ́ tó wà láàárín ọjà ìlú rẹ̀ kan àti òmíràn, kí ẹ sì sọ ẹni tó ni ọjọ́ kọ̀ọ̀kan.